Kẹ̀kẹ́ oníbátìrì fún àlejò tó fẹ́ wo àárín Ìlọrin: ẹ gbà wá nímọ̀ràn

Ọmọ Ìta-Ògúnbọ̀ · Àtìní, 8:20 àárọ̀

Àsàláámù àlékùm, ẹ kú àárọ̀ o, gbogbo ilé. Èmi àti àwọn ọ̀rẹ́ mi nínú ẹgbẹ́ àdúgbò wa ti ń dá owó jọ láti ra kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta tó ń lo bátìrì. A fẹ́ máa fi mú àlejò yí àárín ìlú ká, kí ẹnì kan tó mọ ìlú jókòó síwájú, kó máa sọ ìtàn fún wọn. Ẹ wo bí èrò ṣe máa ń wọ́ wá nígbà eré ẹlẹ́ṣin lẹ́yìn Iléyá. Wọ́n á dúró níwájú ààfin, wọ́n á fi fóònù ya ẹṣin, ó parí nìyẹn, ó di hòtẹ́ẹ̀lì ní GRA. Wọn ò ní mọ̀ pé nítòsí ibi tí wọ́n dúró sí ni wọ́n ti ń hun aṣọ òfì. Wọn ò ní dé Òkèlele níbi tí àwọn ìyá wa ti ń mọ ìkòkò, wọn ò sì ní rí òkúta Ìlọrin ní Ìdí-Àpe, èyí tí wọ́n ní ọdẹ tó tẹ ìlú dó fi ń pọ́n irin rẹ̀. Ó ń dùn mí gan-an.

Ìdí tí mo fi fẹ́ oníbátìrì ni ariwo àti èéfín. Àdúgbò wa há, ilé kéú sì wà ní gbogbo kọ̀rọ̀. Kò dáa ká máa gbé ẹ̀rọ tó ń bú ramúramù gba iwájú ibi tí ọmọdé ti ń ka Kùránì kọjá. Owó epo náà ńkọ́? Láti ìgbà tí ìjọba ti yọ owó ìrànwọ́ orí epo lóṣù karùn-ún ọdún 2023, ẹ bi oníkẹ̀kẹ́ èyíkéyìí, á sọ ohun tí ojú rẹ̀ ń rí.

Ohun tí mo fẹ́ mọ̀ pọ̀ díẹ̀, ẹ jọ̀ọ́ ẹ fara dà á. Irú bátìrì wo ló dáa, níbo la ó ti máa gba iná sí i? Ọ̀nà wo ni ká gbà tí a ò fi ní há sọ́jà? Ṣé kí èèyàn máa fẹnu sọ ìtàn ni, àbí ká gba ohùn sílẹ̀? Àwọn onílé ńkọ́, ṣé wọ́n á gbà ká máa kó àlejò wá síwájú ilé wọn? Ẹni tó bá ti ṣe ohun tó jọ bẹ́ẹ̀ rí, níbí tàbí níbòmíì, kó bá wa dá sí i.

Wáyà Táńkẹ̀ · Àtìní, 9:05 àárọ̀

Àbúrò, ẹ kú ìrònú. Iṣẹ́ sólà ni mò ń ṣe, mo sì ti bá àwọn kan tún kẹ̀kẹ́ oníbátìrì ṣe. Ti bátìrì ni màá sọ, kí àwọn yòókù bá yín sọ ti ìtàn.

Ẹni tó fẹ́ tajà fún yín á ní kí ẹ ra bátìrì tó tóbi jù. Ẹ má tíì dá a lóhùn. Ẹ kọ́kọ́ wo bí ọ̀nà tí ẹ fẹ́ rìn ṣe gùn tó. Láti ààfin sí Ìdí-Àpe, sí Òkèlele, kẹ́ ẹ wá gba Pákátà padà sí Ojà Ọba, kò lè ju kìlómítà 15 lọ, kódà bí ẹ bá yà síbí yà sọ́hùn-ún. Kẹ̀kẹ́ tó gbé èrò mẹ́ta àti awakọ̀ máa ń jẹ iná tó bíi wáàtì-wákàtí 60 sí 80 lórí kìlómítà kan. Ẹ fi ìyẹn sọ́kàn.

Bátìrì ásíìdì tó jẹ́ fóòtì (volt) 60, ámpì-wákàtí 100, iná kìlówáàtì-wákàtí 6 ló wà nínú rẹ̀ (ẹgbẹ̀rún wáàtì-wákàtí ni kìlówáàtì-wákàtí kan, òun náà ni yúníìtì kan tí ẹ ń rà). Àmọ́ ìdajì péré ló yẹ kí ẹ máa lò kẹ́ ẹ tó tún gba iná sí i, torí bí ẹ bá ń lò ó gbẹ lójoojúmọ́, kò ní pẹ́ rárá tó fi máa kú. Ó wúwo, ó ń gbà tó wákàtí mẹ́jọ tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ kó tó kún, ìgbà bíi ọgọ́rùn-ún mélòó kan péré lẹ ó sì gba iná sí i tó fi máa rẹ̀ ẹ́. Lithium tí wọ́n ń pè ní LiFePO4 wọ́n nígbà tí ẹ bá ń rà á, ṣùgbọ́n ó lè gba iná ju ẹgbẹ̀rún méjì ìgbà lọ, ẹ sì lè lo èyí tó pọ̀ jù nínú iná rẹ̀. Bí ẹ bá ra fóòtì 60, ámpì-wákàtí 50, ìyẹn kìlówáàtì-wákàtí 3, á gbé yín tó kìlómítà 35 dáadáa. Ẹ yí ìlú lẹ́ẹ̀mejì nìyẹn, ó kù sílẹ̀. Ohun tí mo máa rà nìyẹn bó bá jẹ́ owó mi.

Ní ti iná: bí ilé yín bá wà lórí Band A, ìyẹn àwọn tí wọ́n ń fún níná jù, wọ́n ń ta yúníìtì kan ju igba náírà lọ. Ẹ sọ ọ́ di mẹ́ta, ẹ fi ohun tó ń ṣòfò nínú ṣájà lé e, kò tíì tó ẹgbẹ̀rún kan náírà fún gbogbo ọjọ́. Bí iná yín kò bá gún régé, páánẹ́ẹ̀lì 550 wáàtì mẹ́rin lórí òrùlé á fún yín ní bíi kìlówáàtì-wákàtí 8 lọ́jọ́ tí oòrùn bá ràn dáadáa. Nígbà ọyẹ́, ẹ máa nù ún, eruku Ìlọrin kì í ṣe kékeré. Láàárín oṣù keje sí ìkẹsàn-án, ẹ má gbójú lé sólà nìkan.

Ẹ má gba iná sí i nínú yàrá tí èèyàn ń sùn, ẹ má sì so ó mọ́ wáyà tí wọ́n fi tan gílóòbù. Ẹ fa wáyà tirẹ̀ lọ́tọ̀, kẹ́ ẹ fi bíréékà sí i.

Oníkẹ̀kẹ́ Gérí · Àtìní, 10:40 àárọ̀

Mo ń wa kẹ̀kẹ́ láti Gérí Àlímì wọ àárín ìlú lójoojúmọ́. Ọ̀gá Wáyà, ẹ ṣeun, ṣùgbọ́n kìlómítà 15 tí ẹ kà yẹn, ẹ ò ka sún-kẹẹrẹ. Bí ẹ bá wọ Ojà Ọba láàárín aago mẹ́rin sí mẹ́fà ìrọ̀lẹ́, ìdúró yín á pọ̀ ju ìrìn yín lọ. Alábàrù á gbẹ́rù gba iwájú yín, obìnrin tó pàtẹ tàtàṣé sílẹ̀ kò ní kúrò, mọ́tò tó ń já iṣu sílẹ̀ á dí ọ̀nà. Àlejò tó sanwó kó lè wòlú á jókòó sójú kan á máa làágùn.

Ohun tí màá ṣe ni pé màá fi kẹ̀kẹ́ sílẹ̀ lójú títì Ẹ́míà, kí wọ́n fẹsẹ̀ rìn wọ ọjà, kí wọ́n jáde lódì kejì, kí kẹ̀kẹ́ lọ pàdé wọn níbẹ̀. Ọjà kì í ṣe ibi tí wọ́n ń jókòó wò.

Ẹ̀ẹ̀kejì, ẹ lọ rí àwọn àgbà ẹgbẹ́ oníkẹ̀kẹ́ kẹ́ ẹ tó jáde rárá. Bí àwọn awakọ̀ bá rí kẹ̀kẹ́ tuntun tí kò já tíkẹ́ẹ̀tì, ohun tó máa wá sí wọn lọ́kàn ni pé ẹ wá gba èrò lọ́wọ́ wọn. Ẹ kùn ún ní àwọ̀ tí kò jọ ti wa rárá, kẹ́ ẹ sì jẹ́ kí wọ́n mọ̀ pé ẹ ò ní gbé èrò kankan lẹ́bàá títì. Bí ọ̀rọ̀ yẹn bá yé wọn, àwọn náà lá máa ṣí ọ̀nà fún yín.

Wáyà Táńkẹ̀ · Àtìní, 10:52 àárọ̀

Ẹ̀gbọ́n Gérí, mo gbà pẹ̀lú yín lórí ọjà. Àmọ́ ìdúró kì í jẹ iná kẹ̀kẹ́ oníbátìrì. Mọ́tò rẹ̀ kì í yí bí táyà kò bá yí, iná fìtílà àti rédíò nìkan ló ń lọ. Tiyín tó ń lo epo ló ń mu epo lójú kan. Nítorí náà, sún-kẹẹrẹ lè sú àlejò, kò ní pa bátìrì.

Ọmọ Ọ̀fà ní Kraków · Àtìní, 2:15 ọ̀sán

Ẹ kú ọ̀sán o, ẹ̀yin ará ilé. Mò ń gbé ní Kraków, ní ilẹ̀ Poland, gbogbo ọjọ́ ni irú ọkọ̀ yìí ń gba iwájú mi kọjá. Àárín ìlú wọn wà nínú àwọn ibi àkọ́kọ́ tí UNESCO kọ sórí ìwé ohun àjogúnbá àgbáyé, lọ́dún 1978, èrò tó ń wá wò ó kò lóǹkà. Ọkọ̀ tí wọ́n ń lò kì í ṣe kẹ̀kẹ́, irú èyí tí wọ́n fi ń gbá gọ́ọ̀fù ni. Melex làwọn ará ibí ń pè é, orúkọ ilé iṣẹ́ Poland tó ń ṣe é. Wọ́n á gbé yín láti ojà ńlá àárín ìlú lọ sí Kazimierz, àdúgbò tí àwọn Júù ń gbé kí ogun àgbáyé kejì tó dé, wọ́n á wá sọdá odò lọ sí Podgórze, níbi tí àwọn Násì, ìjọba Hitler ti Jámánì, kó wọn há mọ́, àti ilé iṣẹ́ Schindler, ọkùnrin tó gba ọ̀pọ̀ Júù là.

Ohùn ni wọ́n gbà sílẹ̀. Ẹ ó mú èdè tó wù yín, awakọ̀ á tẹ bọ́tìnnì bí ẹ bá ti dé ibi kọ̀ọ̀kan. Àǹfààní rẹ̀ ni pé ará Faransé àti ará Jámánì lè jọ gun ọkọ̀ kan náà bí wọ́n bá fi nǹkan sétí. Bí òjò bá dé, wọ́n á já ọ̀rá funfun sílẹ̀ ní ẹ̀gbẹ́ ọkọ̀, ẹ ó ṣì máa rí ìta. Èmi rò pé kí ẹ̀yin náà ra ọkọ̀ èèyàn mẹ́jọ, kẹ́ ẹ gba ohùn ní Yorùbá, Haúsá, Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé. Kí ìtàn bẹ̀rẹ̀ láti orí Ṣéù Àlímì tó jẹ́ Ẹ́míà àkọ́kọ́.

Ẹ jẹ́ n kìlọ̀ ohun méjì. Àkọ́kọ́, àwọn tó ń gbé àárín ìlú níbí bínú nígbà tí ọkọ̀ wọ̀nyí pọ̀ jù: awakọ̀ á dúró sẹ́nu ọ̀nà onílé máa pe oníbàárà, títí tí ìjọba ìlú fi ní kí wọ́n dín in kù. Ẹ̀ẹ̀kejì, ọkọ̀ oníbátìrì kì í dún, ewu sì ni fún arúgbó àti ọmọdé. Láti 2019 ni òfin Yúróòpù ti ní kí irú mọ́tò ayọ́kẹ́lẹ́ oníná tuntun máa dún bí kò bá tíì sáré tó 20 kìlómítà ní wákàtí kan. Ní Òkè-Apómù tí ọmọdé ń ti ẹnu ilé kan sáré bọ́ sí ìkejì, ẹ gbọ́dọ̀ wá nǹkan tó ń dún fi síwájú kẹ̀kẹ́.

Oníkẹ̀kẹ́ Gérí · Àtìní, 2:31 ọ̀sán

Ọkọ̀ èèyàn mẹ́jọ? Kó gba ibo, ẹ̀gbọ́n? Àwọn ibi kan wà tí kẹ̀kẹ́ méjì ò lè pàdé ara wọn, ọ̀kan gbọ́dọ̀ padà sẹ́yìn. Táyà ọkọ̀ gọ́ọ̀fù kéré, gọ́tà kan ṣoṣo tí wọn ò bò ti parí ẹ̀. Kẹ̀kẹ́ méjì tó tẹ̀ lé ara wọn sàn ju ọkọ̀ ńlá kan lọ. Ti nǹkan tó ń dún yẹn dáa, agogo ni kẹ́ ẹ lò, ẹ má lo fèrè.

Alfa Àdétà · Àtìní, 5:50 ìrọ̀lẹ́

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o. Ọmọ Ọ̀fà, ẹ ṣeun fún ìmọ̀ràn, ṣùgbọ́n ẹ má jẹ́ kí wọ́n gba ohun tí ẹ sọ yẹn sínú ẹ̀rọ. Ṣéù Àlímì kò jẹ Ẹ́míà. Àlùfáà ni, onímọ̀ ni. Ọmọ rẹ̀, Abdulsalami, ló kọ́kọ́ jókòó sórí oyè yẹn. Àṣìsọ yìí pọ̀ lẹ́nu àlejò, bí ẹ bá tún fi ẹ̀rọ sọ ọ́ ní èdè mẹ́rin, a ò ní rí i tún ṣe mọ́.

Ìdí nìyẹn tí mi ò fi fara mọ́ ohùn tí wọ́n gbà sílẹ̀. Èèyàn tó ń fẹnu sọ̀rọ̀ lè dákẹ́ bó bá rí i pé wọ́n ń gbé òkú kọjá. Ó lè kí bàbá tó jókòó sẹ́nu ọ̀nà. Ẹ̀rọ ò mọ ìgbà tí wọ́n ń pèrun.

Ní ti mọ́ṣáláṣí ńlá, ẹ jẹ́ kí àlejò mọ̀ pé kì í ṣe ilé àtijọ́ ni èyí tí wọ́n ń wò yẹn. Ààrẹ Shehu Shagari ló ṣí i lọ́dún 1981, wọ́n sì ti tún un ṣe lẹ́yìn ìgbà náà. Ohun tó pẹ́ ni ìrun tí wọ́n ń kí ní àgbègbè yẹn àti ìmọ̀ tí wọ́n ń kọ́ níbẹ̀. Lọ́jọ́ Jímọ̀, ẹ má gbé kẹ̀kẹ́ dé àyíká ààfin láti aago méjìlá títí wọ́n á fi túká, ọ̀nà á kún fún ẹní ìrun. Lásìkò Ramadan, àárọ̀ ni kẹ́ ẹ máa jáde, kí ẹ má fi oúnjẹ jíjẹ kún un.

Ẹ sọ fún àlejò kó tó gun kẹ̀kẹ́ pé kó wọ aṣọ tó bò ó. Ẹ sọ fún un pé kò gbọ́dọ̀ gbé fóònù sókè sí inú àgbàlá ẹnikẹ́ni. Àwọn ẹlẹ́hàá wà nínú ilé wa, ojú ọ̀nà àbáwọlé lè ṣí sílẹ̀ nítorí ooru, ìyẹn kò ní kí àjèjì ya fọ́tò wọ inú rẹ̀. Bí irú ẹ̀ bá ṣẹlẹ̀ lẹ́ẹ̀kan péré, gbogbo àdúgbò á lé yín.

Ìyá Òkèlele · Àtìní, 8:10 alẹ́

Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ kú alẹ́. Nídìí ìkòkò ni ìyá mi tọ́ mi dàgbà, àwọn àbúrò mi ṣì wà níbẹ̀. Àwọn tó ń kó àlejò wá ti wà tipẹ́. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é ló ń dùn wá. Wọ́n á dé lójijì, wọ́n á ní ká tún ìkòkò tí a ti mọ tán mọ nítorí kámẹ́rà, wọ́n á ya fídíò, wọ́n á ní “Màmá, ẹ ṣeun,” wọ́n á lọ. Ẹni tó mú wọn wá ti gbowó lọ́wọ́ wọn. Àwa ńkọ́?

Bí ẹ bá fẹ́ kó àlejò wá sọ́dọ̀ wa, ẹ fi owó kan sílẹ̀ fún ẹgbẹ́ àwọn amọ̀kòkò ní ìgbà kọ̀ọ̀kan tí ẹ bá wá, yálà wọ́n rajà tàbí wọn ò rà á. Kẹ́ ẹ sì bi wá nípa ọjọ́ tí a ń sun ìkòkò, torí ìyẹn ló yẹ kí àlejò rí. Ìta gbangba la ti ń sun ún. A ó to ìkòkò jọ, a ó fi igi àti koríko gbígbẹ bò ó, iná á gbà á. Bí ó bá ti jinná tó ṣì ń pọ́n dẹ̀dẹ̀, a ó fi igi gígùn fà á jáde, a ó máa wọ́n omi èèpo irúgbá sí i lára. Á máa hó ṣìì, èéfín á bo gbogbo wa, àwọ̀ rẹ̀ á sì yí padà lójú yín. Ẹni tó bá rí ìyẹn kò ní dúnàádúrà orí ẹgbẹ̀rún kan náírà mọ́.

Kẹ̀kẹ́ yín kò gbọ́dọ̀ sún mọ́ ibi iná. Ẹ gbé e sọ́nà jíjìn, kẹ́ ẹ rìn wá.

Ahunṣọ Ìsàlẹ̀ · Àtàláátà, 7:15 àárọ̀

Mo ka ọ̀rọ̀ Ìyá Òkèlele, mo bọ̀wọ̀ fún wọn. Ṣùgbọ́n ní tiwa, ẹ má san owó ìwòran fún ẹnikẹ́ni. Bí owó ìwòran bá ti wọ̀ ọ́, àwọn ọmọ tí kò mọ òfì í hun á máa jókòó sídìí rẹ̀ kí wọ́n lè gbowó lọ́wọ́ òyìnbó. Ẹ jẹ́ kí àlejò rajà. Ẹni tí kò bá lè ra odindi aṣọ lè ra fìlà, ó lè ra ìpele, ó lè ra ọ̀já kan ṣoṣo tó fẹ̀ bí àtẹ́lẹwọ́ ọkùnrin. Kí owó ọjà wọ ọwọ́ ẹni tó hun ún, kẹ́ ẹ má ṣe béèrè ìdá mẹ́wàá lórí rẹ̀.

Ohun tí awakọ̀ yín gbọ́dọ̀ mọ̀ ju gbogbo rẹ̀ lọ nìyí. Òwú tí a fẹ́ hun kì í wà lẹ́sẹ̀ wa nìkan. A máa ń nà án sílẹ̀ gbọọrọ síwájú òfì, ó lè gba gbogbo ìbú àgbàlá kó tún yọ sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà, òkúta la fi ń di ìdí rẹ̀ mú lórí pákó kí ó lè le. Bí a bá ṣe ń hun ún ni pákó yẹn ń wọ́ bọ̀ díẹ̀díẹ̀. Àjèjì ò lè tètè rí i, pàápàá òwú dúdú bí oòrùn bá ti ń wọ̀. Táyà kan ṣoṣo tó bá gorí rẹ̀, iṣẹ́ ọ̀pọ̀ ọjọ́ ló já yẹn, a ò sì lè so ó kó má hàn lára aṣọ.

Tísà Òmù-Àrán · Àtàláátà, 11:30 àárọ̀

Ìtàn ni mo fi gbogbo ayé mi kọ́ àwọn ọmọ títí mo fi fẹ̀yìn tì. Inú mi dùn sí èrò yín yìí, mo sì fẹ́ kí ẹ ṣe é dáadáa. Alfa tún ọ̀rọ̀ Àlímì ṣe, ó dára. Ṣùgbọ́n ẹ ò tíì dárúkọ Òjó Ìṣẹ̀kúṣẹ̀, ọdẹ tí wọ́n ní ó kọ́kọ́ tẹ̀ dó, tó ń fi òkúta Ìdí-Àpe pọ́n irin rẹ̀. Ẹ ò tíì sọ ti Láderin, baba ńlá Àfọ̀njá, àti ìran rẹ̀. Àfọ̀njá ńkọ́? Ààrẹ Ọ̀nà Kakaǹfò ni, ó bá Aláàfin Awólẹ̀ jà, ó pe Àlímì wá kó lè ràn án lọ́wọ́, ìgbẹ̀yìn rẹ̀ sì jẹ́ ikú ní nǹkan bí ọdún 1824. Ẹ má fi ohunkóhun pamọ́ fún àlejò. Ìlú tó ní Balógun mẹ́rin, tí Àjíkòbí àti Alánamú ń ṣíwájú Yorùbá, tí Balógun Gàmbàrí àti Balógun Fúlàní wà níbẹ̀, ìtàn rẹ̀ ò ṣeé sọ ní ìlàjì. Ìlú yìí ni wọ́n ń kì pé kò léégún, ẹṣin leégún ilé wọn, ọ̀kọ̀ lorò ibẹ̀.

Ẹ fi ti ìlẹ̀kẹ̀ làńtànà kún un. Ní ọ̀rúndún tó kọjá lọ́hùn-ún, kò síbi tí a ti ń fi òkúta pupa ṣe ìlẹ̀kẹ̀ nílẹ̀ Yorùbá tó lókìkí tó Ìlọrin. Wọ́n á gé òkúta, wọ́n á lù ú, wọ́n á fi ọwọ́ lu ihò sí i, wọ́n á lọ̀ ọ́ títí á fi máa dán. Iṣẹ́ náà ti kú. Ẹ wá ìdílé tí ọ̀kan nínú rẹ̀ bá ṣẹ́kù sí, kẹ́ ẹ jẹ́ kí àlejò gbé e lé ọwọ́.

Bí àlejò bá sì fẹ́ jù bẹ́ẹ̀ lọ, ẹ kó wọn wá sí Èsìẹ́ ní Ìgbómìnà. Ère òkúta tó lé ní ẹgbẹ̀rún ló wà níbẹ̀, ibẹ̀ sì ni mùsíọ́ọ̀mù àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà, 1945 ni wọ́n ṣí i.

Alfa Àdétà · Àtàláátà, 12:10 ọ̀sán

Tísà, mo kí yín. Mi ò ní kí wọ́n fi nǹkan pamọ́. Ohun tí mò ń sọ ni pé iwájú ilé àwọn ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn lẹ ti ń sọ ọ́ yìí, kì í ṣe kíláàsì. Ohun tí ilé Àfọ̀njá ń sọ nípa ikú bàbá wọn yàtọ̀ sí ohun tí wọ́n ń sọ ní ààfin, ọ̀rọ̀ oyè sì ṣì wà nínú ẹ̀ títí dòní. Ọmọ kékeré tó gun kẹ̀kẹ́ kò lè wá ṣe adájọ́ ní gbangba.

Ahunṣọ Ìsàlẹ̀ · Àtàláátà, 12:40 ọ̀sán

Ṣé kì í ṣe kí onílé sọ tirẹ̀ fúnra rẹ̀ ni? Bí kẹ̀kẹ́ bá dé ilé Àfọ̀njá, kí ọmọ tó mú wọn wá dákẹ́, kí bàbá kan nínú ilé sọ ohun tí wọ́n jogún. Bó bá dé ọ̀dọ̀ ààfin, kí ẹni tí ààfin bá yàn sọ tiwọn. Àlejò gbọ́n, á gbọ́ méjèèjì. Ẹ lọ tọrọ àyè lọ́wọ́ wọn ṣáájú, ẹ má mú ọwọ́ lásán lọ.

Tísà Òmù-Àrán · Àtàláátà, 1:05 ọ̀sán

Mo fara mọ́ ìyẹn. Kí ọmọ tó ń mú wọn káàkiri sì mọ̀ ọ́n dáadáa, bí onílé bá sọ ọdún kan tí kò bára mu, kó lè fi ọ̀wọ̀ ṣàlàyé fún àlejò bí wọ́n bá kúrò níbẹ̀.

Wáyà Táńkẹ̀ · Àtàláátà, 1:20 ọ̀sán

Bàbá Tísà, Èsìẹ́ dára, mo ti débẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ má fi kẹ̀kẹ́ yìí dán an wò. Ọ̀nà jìn, òkè pọ̀, ọkọ̀ akẹ́rù á máa sáré kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ yín. Kí wọ́n gba bọ́ọ̀sì fún ìyẹn. Inú ìlú tí ìrìn rẹ̀ jẹ́ jẹ́jẹ́ ni bátìrì kékeré ti wúlò.

Ọmọ Ìta-Ògúnbọ̀ · Àtàláátà, 9:00 alẹ́

Ẹ̀yin bàbá, ẹ̀yin ìyá, ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n, Ọlọ́run á san yín lẹ́san. Mo ti kà á fún àwọn ọ̀rẹ́ mi. Kẹ̀kẹ́ méjì la ó rà, kì í ṣe ọkọ̀ ńlá. Lithium kékeré ni. A ó ya Ojà Ọba sọ́tọ̀ fún ẹsẹ̀ rírìn. Ẹnu la ó fi sọ ọ́. Àmọ́ fún àlejò tí kò gbọ́ Yorùbá tàbí Gẹ̀ẹ́sì, ẹ̀gbọ́n Kraków, a ó tẹ ìwé pélébé fún wọn, Alfa àti Tísà á bá wa kà á kó tó jáde.

Ohun tó kù tí ó ń dààmú mi ni ti owó Òkèlele àti ti àwọn ahunṣọ, torí pé ọ̀rọ̀ yín ò bára mu.

Ìyá Òkèlele · Àtàláátà, 9:25 alẹ́

Kò yẹ kó bára mu, ọmọ mi. Tiwọn, wọ́n lè ta fìlà. Tiwa, àlejò tó ń wọkọ̀ òfuurufú kò lè gbé ìkòkò omi dání. Ẹ fún wa lówó, ẹ ra aṣọ lọ́wọ́ wọn.

Ọmọ Ọ̀fà ní Kraków · Àtàláátà, 10:40 alẹ́

Ìyá sọ ọ́ tó wọlé. Kí ẹ ní kí wọ́n mọ ìkòkò kéékèèké tó lè wọ báàgì pẹ̀lú, èmi ni màá kọ́kọ́ rà á.

Oníkẹ̀kẹ́ Gérí · Àlàrùbá, 6:50 àárọ̀

Kẹ́ ẹ tó sanwó kẹ̀kẹ́, ẹ jẹ́ kí ẹni tó ń tà á gbé ọ̀kan wá fún ìdánwò. Kí èèyàn mẹ́rin tó sanra gùn ún, ẹ wà á gun gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́, ẹ tẹ bíréèkì nígbà tó bá ń sọ̀kalẹ̀. Ẹ tún wà á nínú omi òjò. Bí kò bá gbà yín láyè dán an wò, ẹ má rà á. Mo lè tẹ̀ lé yín lọ bí ẹ bá ń lọ.

Ahunṣọ Ìsàlẹ̀ · Àlàrùbá, 7:30 àárọ̀

Bí ẹ bá rí èyí tí ẹ fẹ́ dán wò, ẹ gbé e wá sọ́dọ̀ wa lọ́jọ́ Sátidé lẹ́yìn ìrun aláásárì, láìgbé àlejò kankan. A ó ti na òwú sílẹ̀ bí a ṣe ń nà án lójoojúmọ́. Ẹ jẹ́ kí awakọ̀ gba àárín rẹ̀ kọjá níṣojú wa. Ibi tí kò bá ti lè gbà, a ó fi ẹfun kùn ún lára ògiri pé kẹ̀kẹ́ kò gbọ́dọ̀ kọjá ibẹ̀.